Rakhma àti Iye Tó Kọ Sínú Ìwé Ilẹ̀

Ní abúlé Borkhal, bí ẹnìkan bá náwó sí ohun tí kò pọn dandan, wọn kì í pè é ní òmùgọ̀. Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní, "Ó ti ṣe Rakhma." Àwọn ọmọdé tí kò mọ ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹ̀ wá ń sọ ọ́ síra wọn bí ọ̀kan nínú wọn bá fi bisikíìtì rẹ̀ tọrẹ. Rakhma fúnra rẹ̀ ń gbọ́ ọ létí kànga àti lójúde, kò sì bá ẹnikẹ́ni jà rí. Á kàn fọwọ́ kan ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn rẹ̀, á ní, "Ẹ rọra máa ṣe é o, ó wọ́n."

Obìnrin kúkurú ni, ó lé díẹ̀ ní ọgọ́ta ọdún, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ti sán bí ilẹ̀ oko nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ó ní ẹfọ̀n oníwàrà méjì tó ń bá sọ̀rọ̀ ju bó ti ń bá àwọn aládùúgbò sọ̀rọ̀ lọ, bó bá sì pẹ́ kó tó fún wọn lóúnjẹ, á bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má bínú. Ọdún tí ọkọ rẹ̀ kú ló fi ìlẹ̀kẹ̀ igi efinrin sọ́rùn, nígbà tó bá àwọn èrò fẹsẹ̀ rìn dé ìlú Pandharpur lọ kí òrìṣà Vithoba, bí a ti máa ń ṣe lọ́dọọdún bí òjò bá ti bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá fi ìlẹ̀kẹ̀ yẹn sọ́rùn ti jẹ́jẹ̀ẹ́ ohun mẹ́ta: kò ní jẹ ẹran, kò ní mu ọtí, kò ní purọ́. Méjì àkọ́kọ́ kò ni ẹnikẹ́ni lára ní Borkhal. Ẹ̀kẹta ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń fọwọ́ yẹpẹrẹ mú. Rakhma kò fọwọ́ yẹpẹrẹ mú un, ibẹ̀ sì ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀.

Kondiba ni ọkọ rẹ̀ ń jẹ́. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi ṣe lébìrà fún Jaysing, ẹni tó ni ilẹ̀ ìrèké tó dára jù lọ lábúlé. Nínú gbogbo oko Jaysing, èyí tó wà létí kànga ni Kondiba fẹ́ràn. Nígbà tó kọ́kọ́ débẹ̀, òkúta ló kún inú rẹ̀ fọ́fọ́. Òun ló ń fọwọ́ ara rẹ̀ ṣà wọ́n lọ́dọọdún, ó ń tò wọ́n sí ààlà, títí wọ́n fi di ògiri tó ga dé orúnkún. Bí Rakhma bá gbé oúnjẹ ọ̀sán wá, bhakri méjì tó fi ọkà bàbà dín gbígbẹ pẹ̀lú ata tó fi ẹ̀pà gún, orí ògiri náà ni wọ́n á jókòó sí. Kondiba á ní, "Ilẹ̀ yìí mọ̀ mí ju Jaysing lọ. Ká ní ó lẹ́nu ni, èmi ni ì bá máa kí." Síbẹ̀, ó kú láìní ilẹ̀ tó tó gbẹ́ ihò eku sí. Ọ̀rọ̀ náà dun Rakhma wọra, kò sì fi pamọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Ọdún kẹrin lẹ́yìn ikú rẹ̀, Jaysing fẹ́ fi ọmọ rẹ̀ obìnrin fún ọkọ. Ìgbéyàwó náà ga ju àpò rẹ̀ lọ, ló bá gbé oko méjì sílẹ̀ fún títà. Maruti, àbúrò Kondiba, ra ọ̀kan. Rakhma ra oko etí kànga. Ìwọ̀n kan náà ni oko méjèèjì, iye kan náà ni wọ́n sì san: lakh méje rupee, ìyẹn ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀rin. Owó wàrà ọdún méjìlélógún ni ti Rakhma, pẹ̀lú ìwọ̀nba tí ọmọ rẹ̀ tó ń wa ọkọ̀ akẹ́rù fi kún un.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí nǹkan ṣe rí lọ́dọ̀ wa, torí kò sí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n, kò sì sí ẹni tó ń sọ ọ́. Iye méjì ni ilẹ̀ ń ní. Ọ̀kan ni iye tí a san, èkejì ni iye tí a kọ. Iye tí a kọ ni ìjọba fi ń gba owó orí ìwé, nítorí náà a máa ń kọ ọ́ kó kéré débi tí ọ̀gá ọ́fíìsì kò fi ní lè pariwo. Ìyókù á ti inú àpò aṣọ kan bọ́ sínú àpò aṣọ mìíràn. Àwọn baba wa ṣe é bẹ́ẹ̀, àwọn baba ńlá wa náà ṣe é bẹ́ẹ̀. Kò sẹ́ni tó kà á sí olè jíjà. Lójú tiwa, ìjọba ni ẹni tó máa ń gbà tí kì í fún ni, ohun tí èèyàn bá sì rí mú lọ́wọ́ rẹ̀, èrè ni.

Ọjọ́ tí wọ́n lọ ṣe ìwé náà nílùú, ọ̀gá ọ́fíìsì tó ń forúkọ ilẹ̀ sílẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ sùn lọ. Ìbéèrè kan náà ló ń bi gbogbo èèyàn láti àárọ̀ láìgbójú sókè, àwọn èèyàn ń mi orí, òun náà ń lu òǹtẹ̀. Ó lu ti Maruti tán, ó kan Rakhma.

"Rakhmabai Kondiba Jagdale," ló kà, orúkọ tirẹ̀, orúkọ ọkọ láàárín, orúkọ ìdílé lẹ́yìn, bí ìjọba ti máa ń to orúkọ obìnrin. "Lakh méjì rupee lẹ san fún ilẹ̀ yìí. Àbí bẹ́ẹ̀ kọ́?"

"Rárá o, Saheb," ni Rakhma dáhùn, bí a ti ń pe àwọn ọ̀gá. "Méje ni."

Òǹtẹ̀ dúró lófuurufú. Jaysing bẹ̀rẹ̀ sí í wúkọ́ bí ẹni tí egungun ẹja há sí lọ́fun, bẹ́ẹ̀ kì í jẹ ẹja. Maruti fi ìka gún Rakhma ní ìhà.

"Vahini!" ló sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, torí bí à ń ṣe ń pe ìyàwó ẹ̀gbọ́n ẹni nìyẹn. "Ẹ mi orí ni! Orí lásán! Ta ló ní kẹ́ ẹ lanu? Mímì kì í ṣe irọ́!"

"Maruti, orí tí mo fẹ́ mì yẹn, ọrùn tó ru ìlẹ̀kẹ̀ ló gbé e dúró."

Ọ̀gá ọ́fíìsì gbójú sókè wàyí. Ó yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún fi í sójú. "Ìyá, ṣé ẹ mọ̀ pé owó orí ìwé yín á di ìlọ́po mẹ́ta àti ààbọ̀?"

"Mo mọ̀ báyìí tẹ́ ẹ sọ ọ́."

"Ẹ ò fẹ́ lọ jókòó síta, kẹ́ ẹ mu tíì díẹ̀, kẹ́ ẹ rò ó?"

"Mo ti rò ó, Saheb. Ọkọ mi fi ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ṣa òkúta nínú ilẹ̀ yẹn. Tí mo bá ní kẹ́ ẹ kọ méjì, á jẹ́ pé èmi tí mo jẹ́ ìyàwó ẹ̀ ni mo pè é ní ọjà pọ́ọ́kú. Ẹ kọ méje."

Wọ́n kọ méje. Kó tó lè san owó orí ìwé náà, Rakhma ta ẹ̀gbà wúrà méjì tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, èyí tí Kondiba rà fún un ní ọdún kan ṣoṣo tí ọwọ́ rẹ̀ dẹ̀. Ó padà sílé, ọwọ́ rẹ̀ ṣófo. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ó lọ jókòó sórí ògiri òkúta nínú oko tó ti di tirẹ̀, ó sì sunkún ayọ̀ títí àwọn ẹfọ̀n fi ń pè é nílé.

Maruti ló gbé ìtàn náà dé ìsọ̀ onítíì. Ọkùnrin náà ní ẹnu, ẹ jẹ́ ká fún un. Ó fi ara rẹ̀ ṣe ọ̀gá ọ́fíìsì, ó ṣe Jaysing àti ikọ́ rẹ̀, ó ṣe Rakhma àti ìlẹ̀kẹ̀. Ó ní, "Ẹ̀yin èèyàn mi, gbogbo ayé ń sá fún agbowó orí, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi ń sá tẹ̀ lé e!" Wọ́n rẹ́rìn-ín títí tíì fi tutù. Àtìgbà náà ni "ó ti ṣe Rakhma" ti di ọ̀rọ̀ ẹnu. Kẹ́ ẹ má sì rò pé Maruti kórìíra rẹ̀ o. Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni nígbà tí Rakhma wọlé wá bí ìyàwó; òun ló ń di irun rẹ̀, òun ló ń fún un lóúnjẹ. Ẹni tó fẹ́ràn ẹni ni í mọ bí a ti í fi ni ṣẹ̀sín dáadáa.

Ọdún méjì kọjá. Ìrèké Rakhma ṣe dáadáa bí ẹni pé wọ́n sọ fún un pé ẹni tuntun tó ni ín ń wò ó. Nígbà tó yá, àwọn èèyàn kan dé pẹ̀lú ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta àti ọ̀dà pupa. Wọ́n ń wọn ilẹ̀, wọ́n ń kọ, wọ́n sì ń ri òkúta mọ́lẹ̀. Ọ̀kan bọ́ sí àárín oko etí kànga. Lọ́sẹ̀ kejì, wọ́n lẹ ìwé mọ́ ara ilé ìgbìmọ̀ abúlé: òpópónà ńlá kan ń bọ̀, yóò gba ilẹ̀ ìdílé mẹ́tàlélógójì.

A mọ̀ pé bí ìjọba bá fẹ́ ilẹ̀, yóò gbà á. Ṣùgbọ́n a tún mọ̀ pé òfin wà, òfin sì sọ pé kí wọ́n san iye tó tọ́ fún onílẹ̀, iye tí ilẹ̀ ń lọ lọ́jà. Nítorí náà ọkàn àwọn èèyàn kò fi bẹ́ẹ̀ mì. Àwọn kan tilẹ̀ ti ń wo ilẹ̀ tuntun lókè odò. Ọjọ́ tí ọ̀gá tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ ilẹ̀ wá sábẹ́ igi pipal níwájú tẹ́ńpìlì láti ka iye náà, ojú ọdún ni ọ̀pọ̀ rò pé àwọn wá ṣe.

"Fún oko tó bá jẹ́ ìdajì éékà," ni ọ̀gá náà wí, ọ̀dọ́kùnrin tí irùngbọ̀n rẹ̀ kò tíì gbó, "iye ìpìlẹ̀ jẹ́ lakh méjì. Òfin ní ká fi owó ìtùnú lé e, gbogbo ẹ̀ á di mẹ́rin."

Ariwo ta. Mẹ́rin! Ilẹ̀ tí à ń rà ní méje! Àwọn tó ní ilẹ̀ lókè odò sì ti gbọ́ pé a ń bọ̀, wọ́n ti ń pe tiwọn ní mẹ́jọ. Maruti fò dìde, aṣọ tó fi kọ́ èjìká já bọ́. "Ta ló sọ pé ilẹ̀ Borkhal ò ju méjì lọ? Ṣé orí òkè òkúta lẹ rò pé a ń gbé ni? Ta lẹ bi? Ẹ dárúkọ ẹ̀!"

Ọ̀gá náà kò bínú. Ó ṣí fáìlì rẹ̀, ó fi ìka tọ ìlà kan lọ sísàlẹ̀. "Ta ni ẹ̀yin, sà?"

"Maruti Jagdale!"

"Ẹ̀yin náà rèé. Lọ́dún méjì sẹ́yìn, ẹ ra ìdajì éékà lọ́wọ́ Jaysing, lakh méjì. Ìtẹ̀ka yín ló wà níbí. Àwa ò dá iye kankan o, bàbá. Ìwé tiyín la kà."

Ọkùnrin tó ti ń pariwo jù lọ jókòó, ó sì ń wo àtàǹpàkò ara rẹ̀ bí ẹni tí ejò bù ú jẹ níbẹ̀. Ẹ̀yin ẹ wo ọ̀rọ̀! Ìran mẹ́ta la fi ń rẹ́ ìjọba jẹ díẹ̀díẹ̀, a sì rò pé a ń kó èrè jọ. Ara wa la ń rẹ́ jẹ.

"Ìwé kan ṣoṣo ló sọ pé méje," ni ọ̀gá náà fi kún un bó ti ń pa fáìlì dé. "A yọ ọ́ sọ́tọ̀, torí kò jọ tàwọn yòókù. Ó ní láti jẹ́ àṣìṣe akọ̀wé."

Gbogbo orí yí sẹ́yìn lẹ́ẹ̀kan náà. Láàárín àwọn obìnrin, Rakhma jókòó, ó ń yọ ẹ̀gún kan lẹ́sẹ̀.

"Kì í ṣe àṣìṣe, ọmọ mi," ló wí láìgbójú sókè. "Ẹ̀gbà wúrà mi méjì ló wà nínú méje yẹn."

Lọ́jọ́ náà, kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín.

Ọ̀dọ̀ agbẹjọ́rò kan nílùú ni wọ́n gbà lọ, ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Shubhangi, tó ń sọ̀rọ̀ kíákíá tó sì ń fi ẹsẹ̀ lulẹ̀ bó bá ń ronú. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ó ní òfin fún wọn láyè láti gbé iye náà lọ síwájú adájọ́, ó sì ní ìwé kan tó jẹ́ òtítọ́ lè borí ogójì tí kò jẹ́ òtítọ́, bí adájọ́ bá gba ẹni tó ni ín gbọ́. "Nítorí náà, gbogbo ọ̀rọ̀ yìí wà lọ́wọ́ ìyá kan," ló wí. "Ta ni?"

Maruti ń wo òrùlé.

Ní ọjọ́ kejì, ó dé ilé Rakhma pẹ̀lú ọ̀gẹ̀dẹ̀ méjìlá. Ó bi í nípa ara àwọn ẹfọ̀n. Ó yin koríko tí wọ́n ń jẹ. Ó yin okùn tí wọ́n fi so wọ́n. Rakhma gbé tíì fún un, ó sì ń wò ó bí ẹni ń wo ọmọ tó fọ́ ìkòkò tí kò tíì jẹ́wọ́.

"Vahini," ló wá wí nígbẹ̀yìn, "ẹ máa bá wa sọ̀rọ̀ níwájú adájọ́, àbí?"

"Tí wọ́n bá pè mí."

"Ẹ ṣeun, Ọlọ́run á gbọ́ tiyín. Mo kàn ń rò ó ni o... tẹ́ ẹ bá ti ń sọ pé méje, kí ló dé tẹ́ ẹ ò kúkú sọ pé mẹ́wàá?"

"Maruti!"

"Mẹ́sàn-án, nígbà náà."

Rakhma gba ife tíì lọ́wọ́ rẹ̀ kó tó mu ún tán. "Gbọ́. Wọ́n á gba oko Kondiba, mi ò lè fi ara dínà mọ́ ìjọba. Mo ti sunkún ẹ̀, màá sì tún sun ún. Ṣùgbọ́n kí wọ́n wá gbà á tán, kí wọ́n tún wá sọ pé ohun tó fi gbogbo ọjọ́ ayé ẹ̀ tún ṣe ò ju méjì lọ, ìyẹn ni mi ò ní gbà. Méje ni mo san. Méje ni mo máa sọ. Jẹ ọ̀gẹ̀dẹ̀ ẹ kan kó o máa lọ."

Ọ̀rọ̀ tún wá le sí i. Nígbà tí ọjọ́ ẹjọ́ kù díẹ̀, Agbẹjọ́rò Shubhangi pe gbogbo wọn jọ, ó ní kí wọ́n mọ̀ pé bó bá hàn gbangba pé wọ́n kọ irọ́ sínú ìwé ilẹ̀ wọn, wọ́n lè ní kí wọ́n wá san èyí tí wọ́n yọ, pẹ̀lú ìtánràn. Ẹ̀rù ba àwọn ọkùnrin. Ni wọ́n bá tún dà sílé Rakhma, tọ̀tẹ̀ yìí láìmú ọ̀gẹ̀dẹ̀ dání. Wọ́n ní kó sọ tirẹ̀ nìkan. Bí wọ́n bá bi í léèrè iye tí àwọn aládùúgbò san, kó ní òun kò mọ̀.

"Ṣùgbọ́n mo mọ̀," ni Rakhma wí. "Orí ẹní mi ni Maruti ti ka owó tiẹ̀ fún Jaysing. Mo tilẹ̀ bá a kà á, torí ó ń ṣìṣe."

"Vahini, ẹ jọ̀ọ́!"

"Ẹ gbàdúrà kí wọ́n má bi mí. Ohun tí mo lè ṣe fún yín nìyẹn." Ó fẹ́ràn àwọn èèyàn wọ̀nyí, ó sì mọ̀ pé ahọ́n òun lè kó wọn sínú ìyà. Lọ́sẹ̀ yẹn, ó bá àwọn ẹfọ̀n rẹ̀ sọ̀rọ̀ púpọ̀.

Wọ́n bi í. Báwo ni wọn kò ṣe ní bi í!

Gbọ̀ngàn kékeré ni ilé ẹjọ́ náà, fáànù òkè ń ké. Adájọ́ jẹ́ obìnrin tí irun rẹ̀ ti funfun. Agbẹjọ́rò ìjọba, ọkùnrin tó pa ara rẹ̀ mọ́ dáadáa, kọ́kọ́ fi sùúrù bá Rakhma sọ̀rọ̀. Ó bi í nípa wàrà, ó bi í nípa ọmọ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ló wá gbé ìwé méjì sókè, ọ̀kan ní ọwọ́ kọ̀ọ̀kan.

"Ìyá, oko yín rèé, méje. Oko àbúrò ọkọ yín rèé, méjì. Ẹnìkan náà ló ta méjèèjì, ọdún kan náà, ìwọ̀n kan náà. Nínú ohun méjì, ọ̀kan ló jẹ́ òótọ́: yálà ẹ̀yin ni wọ́n rẹ́ jẹ, tẹ́ ẹ san owó òmùgọ̀, tàbí kí gbogbo aládùúgbò yín jẹ́ òpùrọ́. Èwo ni?"

Rakhma wo ìwé méjèèjì. Bó bá sọ pé òmùgọ̀ ni òun, iye ilẹ̀ á wó lulẹ̀, òun á sì ti purọ́. Bó bá sọ èkejì, òun ló fọwọ́ ara rẹ̀ ti àwọn èèyàn rẹ̀ lulẹ̀ níwájú ìjọba. Ọwọ́ rẹ̀ lọ sí ọrùn, ó di ìlẹ̀kẹ̀ mú. Fáànù ń ké lókè.

"A ń dúró o, ìyá."

"Saheb, èmi kì í ṣe òmùgọ̀," ló wí jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́.

"Ó dáa. Àwọn ni òpùrọ́, nígbà náà. Ẹ dárúkọ ẹnìkan fún wa. Ẹnìkan péré."

Rakhma wo ẹ̀yìn, síbi tí àwọn ọkùnrin Borkhal jókòó sí, tí wọ́n tẹrí ba bí ọmọ ilé ìwé tí kò ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá. Omi dà lójú rẹ̀. Ó yíjú sí adájọ́, ó mí kanlẹ̀, ó fẹ́ sọ̀rọ̀.

"Èmi ni."

Maruti ló dìde. Aṣọ èjìká rẹ̀ tún ti já bọ́, kò tilẹ̀ mọ̀.

"Ẹ jókòó, a ò tíì pè yín," ni agbẹjọ́rò ìjọba wí.

"Mi ò ní jókòó. Ẹ fi obìnrin yẹn sílẹ̀. Ẹ ní kó dárúkọ ẹnìkan: Maruti Jagdale. Lakh méje ni mo san fún Jaysing, mo kọ méjì, mo sì lọ sí ìsọ̀ onítíì lọ fi ẹni tó kọ òótọ́ ṣe yẹ̀yẹ́. Ọdún méjì ni mo fi ń ṣe é. Òun ló di irun mi ní kékeré, Saheb. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ owó ìtánràn, ọwọ́ mi ni kẹ́ ẹ ti gbà á, ẹ má gbà á lẹ́nu ẹ̀."

Ni bàbá arúgbó kan bá dìde lẹ́bàá ògiri, ó ní, "Tèmi, mẹ́fà ni mo san. Ọ̀kan ààbọ̀ ni mo kọ." Ẹlòmíràn dìde. Ẹlòmíràn tún dìde. Agbẹjọ́rò Shubhangi, ẹni tó ti kìlọ̀ fún wọn títí, fọwọ́ bo ojú rẹ̀. Àwọn kan ní ó ń sunkún, àwọn kan ní ẹ̀rín ló ń rín. Akọ̀wé ilé ẹjọ́ ní kí wọ́n máa dìde lọ́kọ̀ọ̀kan, kálámù òun kò sáré tó bẹ́ẹ̀.

Irọ́ lè rìn fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ á bá a. Adájọ́ dájọ́ ní oṣù kejì lẹ́yìn náà: ìwé tí wọ́n yọ sọ́tọ̀ nítorí pé kò jọ èyí tó kù, òun ni kí wọ́n fi ṣe ìpìlẹ̀ fún gbogbo ilẹ̀ náà. Ó sì ní kí oníkálukú wá san owó orí ìwé tó yọ, pẹ̀lú ìtánràn. Maruti san tirẹ̀, ó sì fi oṣù kan gbáko ráhùn. Ó ní òun kò mọ̀ pé òtítọ́ máa ń gbówó lórí tó báyìí bí a bá rà á nígbà tó ti pẹ́. Wọ́n dá a lóhùn ní ìsọ̀ onítíì pé, "O ti ṣe Rakhma." Ó ní, "Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ fún mi ní tíì."

Síbẹ̀ oko náà lọ. Bí wọ́n ti gé ìrèké tán ni katapílà dé, àárọ̀ kan ló fi wó ògiri tí Kondiba fi ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n tò. Rakhma dúró wò ó títí ó fi tán. Ó sunkún, kò sì fi aṣọ bojú. Lọ́sàn-án, ó gbọ́ alùpùpù Maruti lẹ́nu ọ̀nà. Òkúta mẹ́rin láti ara ògiri náà ló so mọ́ ẹ̀yìn rẹ̀. Ó já wọn kalẹ̀, ó yí padà. Ìgbà mẹ́fà ló lọ tó bọ̀ lọ́jọ́ yẹn, títí òkúta fi tó èèyàn méjì jókòó lé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ẹfọ̀n.

Orí òkúta náà ni Rakhma àti Maruti wà lọ́jọ́ tí ìwé ìjọba dé sí ìdílé kọ̀ọ̀kan. Ọ̀pọ̀ kò lè kà á, Rakhma náà kò lè kà á, ni wọ́n bá kó gbogbo rẹ̀ wá fún Maruti, tó kàwé dé ìwé keje. Ó ṣí tirẹ̀ kọ́kọ́. Ó ka nọ́ńbà oko, ó ka ìwọ̀n rẹ̀, lẹ́yìn náà ló ka ìlà kan sínú lẹ́ẹ̀mejì. Ó mú ìwé aládùúgbò, ó wá ìlà kan náà. Ó mú òmíràn.

"Kí ló dé?" ni Rakhma bèèrè. "Ṣé wọ́n tún ti yí i padà ni?"

"Rárá, Vahini. Ibi tí wọ́n ti sọ bí wọ́n ṣe mọ iye ilẹ̀ náà ni. Wọ́n ní, 'gẹ́gẹ́ bí ìwé Rakhmabai Kondiba Jagdale ti fi hàn.' Bẹ́ẹ̀ ló wà nínú tèmi. Bẹ́ẹ̀ ló wà nínú ti aládùúgbò wa. Orúkọ ẹ̀gbọ́n mi wà nínú gbogbo ìwé ilẹ̀ abúlé yìí, Vahini. Mẹ́tàlélógójì."

Rakhma fi àtẹ́lẹwọ́ ra òkúta tó jókòó lé.

"Kà á," ló wí.

Maruti kà á. Rakhma ní kó ka ti aládùúgbò, ó kà á. Ó ní kó ka èyí tó tẹ̀ lé e. Nígbà tó fi máa dé ìkẹtàdínlógún, ohùn Maruti ti ha.

"Ìkan náà ni gbogbo ẹ̀, Vahini. Kò sí ìyàtọ̀ kankan."

"Mo mọ̀," ni Rakhma wí. "Máa kà á."